Kàlẹ́ńdà oko fún ilẹ̀ inú ìtàn mi: ẹ gbà mí nímọ̀ràn

Akọ̀wé Òròkí

Ẹ kú ilé o, ẹ̀yin àgbà, ẹ̀yin ọ̀rẹ́. Òṣogbo ni mo ti ń kọ̀wé. Ó ti tó ọdún méjì tí mo ti ń kọ ìtàn àròsọ kan, ilẹ̀ tí ojú ẹnikẹ́ni kò rí rí ni ó sì ti ṣẹlẹ̀. Omiró ni mo pe ilẹ̀ náà. Àgbẹ̀ ni gbogbo wọn níbẹ̀, láti orí ọba dórí ọmọ tó ń lé ẹyẹ lóko. N kò lè máa sọ ìtàn àgbẹ̀ kí n tún máa fi January àti February ka ọjọ́ fún wọn. Kàlẹ́ńdà tiwọn ni mo fẹ́.

Ohun tí mo ti ní rèé. Òṣùpá méjì ló wà lójú ọ̀run Omiró. Èyí ńlá ń yọ ní ọjọ́ 32 sí ọjọ́ 32, èyí kékeré ní ọjọ́ 20 sí ọjọ́ 20. Oṣù 13 ló wà nínú ọdún wọn, ìyẹn ọjọ́ 416. Oúnjẹ tí wọ́n gbójú lé jù ni iṣu òkùnkùn. Èèbù rẹ̀ kì í hù àfi bí wọ́n bá gbìn ín ní òru tí òṣùpá méjèèjì kò yọ. Mo pín ọdún sí mẹ́rin: ìgbà ìrúwé, ìgbà oòrùn, ìgbà ìwọ́wé, ìgbà òtútù. Ọrún ni ọjà wọn, ọjọ́ márùn-ún márùn-ún.

Ibi tí mo há sí nìyí: ọjà kò bá oṣù mu. 5 kò lè pín 32 kó má ṣẹ́kù. Àwọn kan ní kí n sọ oṣù di ọjọ́ 30 kí n sinmi, ṣùgbọ́n ọkàn mi kò gbà. Láti kékeré ni wọ́n ti ń mú mi lọ wo iná olójúmẹ́rìndínlógún nígbà Ọdún Ọ̀ṣun. 16 yẹn ni mo sọ di méjì tí ó fi di 32. Ẹ jọ̀wọ́, ẹ bá mi wò ó.

Olóko Ọ̀nà Ìkìrun

Ọmọ mi, o kú iṣẹ́ ọpọlọ. Má fọwọ́ kan 32 rẹ. Kíkà ọrún lo ṣì.

Ọrún kì í ṣe ọjọ́ márùn-ún bí ilé ìwé ṣe ń ka ọjọ́. Àwọn baba wa máa ń ka òní mọ́ ọn. Bí ọjà bá ná ní Ọjọ́ Awo, wo bó ṣe máa lọ: Awo, Ògún, Jàkúta, Ọ̀ṣẹ̀, Awo. Orúkọ márùn-ún lo pè lẹ́nu, ṣùgbọ́n ọjọ́ mẹ́rin péré ló wà láàrin ọjà àti ọjà. Bẹ́ẹ̀ náà ni ìsán: a ń pè é ní mẹ́sàn-án, mẹ́jọ ni. Ìtàdógún: a ń pè é ní mẹ́tàdínlógún, mẹ́rìndínlógún ni. Wá tò wọ́n síwájú ara rẹ: 4, 8, 16, 32. Ọrún mẹ́jọ ló wà nínú oṣù rẹ, ìsán mẹ́rin, ìtàdógún méjì. Kò ṣẹ́ ẹyọ ọjọ́ kan kù. Iná tí wọ́n mú ọ lọ wò ti mọ̀ ọ́n kí ìwọ tó mọ̀ ọ́n.

Ìgbà mẹ́rin tí o pín ọdún sí ni kò tẹ́ mi lọ́rùn. Ta ló rí ìwọ́wé àti òtútù bẹ́ẹ̀ rí nínú àwa tí a ó ka ìwé náà? Yọ ọ́ kúrò. Bí o bá ní àyè, mo máa padà wá sọ ibi tó yẹ kí o ti bẹ̀rẹ̀.

Akọ̀wé Òròkí

Bàbá, ẹ ṣeun gidigidi. Oṣù mẹ́ta ni mo fi ń bá 5 yẹn jà. Àyè wà, ẹ máa bọ̀.

Tísà Jọ́gíráfì

Ẹ kú ìjíròrò. Ohun méjì ni mo fẹ́ béèrè lọ́wọ́ òǹkọ̀wé wa.

Èkíní: níbo ni òjò Omiró ti ń wá? Afẹ́fẹ́ méjì ló ń du ojú ọ̀run wa lọ́dọ̀ tiwa. Ọ̀kan ń bọ̀ láti orí òkun, ní gúúsù ìwọ̀-oòrùn, ó ru omi. Èkejì ń bọ̀ láti aṣálẹ̀ Sahara, ní àríwá ìlà-oòrùn, ó ru eruku, òun ni ọyẹ́. Ibi tí wọ́n ti pàdé ni ìgbànú òjò ń bá kiri, oòrùn sì ń fà á lọ sókè sí àríwá, ó tún ń fà á padà. Bó ṣe ń lọ, ó gba orí wa kọjá. Bó ṣe ń bọ̀, ó tún gba orí wa kọjá. Ìdí nìyí tí òjò fi ń pọ̀ lẹ́ẹ̀mejì lọ́dún ní Òṣogbo àti agbègbè rẹ̀, tí ó sì ń dá díẹ̀ láàrin, ní nǹkan bí oṣù kẹjọ. Bí Omiró kò bá ní òkun, fún un ní adágún omi ńlá ní gúúsù àti aṣálẹ̀ ní àríwá. Òǹkàwé lè má rí adágún náà rárá, ṣùgbọ́n ìwọ gbọ́dọ̀ mọ ibi tó wà, torí ibẹ̀ ni àwọn àgbẹ̀ rẹ yóò máa kọjú sí bí wọ́n bá ń retí òjò.

Èkejì: ṣé lóòótọ́ ni oṣù 13 bá ọdún mu wẹ́kú? Ojú ọ̀run kì í ṣe bẹ́ẹ̀ fún ẹnikẹ́ni. Oṣù 12 ti òṣùpá wa jẹ́ bí ọjọ́ 354, ó fi nǹkan bí ọjọ́ 11 dín sí ọdún oòrùn. Àwa tí a ń gba ààwẹ̀ mọ̀ ọ́n lára: ní 2015, oṣù keje la ṣe ìtúnu ààwẹ̀, nínú òjò, ní 2025, ìparí oṣù kẹta ni, ooru sì ń jó wa. Ààwẹ̀ lè rìn yí ọdún ká, kò sí ohun tó ṣe é. Iṣu kò lè bá òṣùpá rìn bẹ́ẹ̀. Àgbẹ̀ tó bá fi òṣùpá nìkan ka ọjọ́, kò ní pẹ́ tí yóò fi máa gbìn sínú ẹ̀rùn.

Àwọn ará Íjíbítì àtijọ́ ní oṣù 12, ọjọ́ 30 nínú ọ̀kọ̀ọ̀kan, wọ́n fi ọjọ́ 5 lé e, ó di 365. Ìgbà mẹ́ta péré ni wọ́n pín in sí, odò Náílì ló sì pín in fún wọn: ìgbà tí odò bo ilẹ̀, ìgbà tí ilẹ̀ yọ jáde tí wọ́n ń gbìn, ìgbà ìkórè. Síbẹ̀, nítorí pé wọn kò fi ọjọ́ kan kún un ní ọdún mẹ́rin mẹ́rin, kàlẹ́ńdà yẹn ń fi díẹ̀díẹ̀ yẹ̀ kúrò lórí ìgbà.

Ohun tí mo dábàá ni pé kí ọdún oòrùn Omiró jẹ́ ọjọ́ 418. Oṣù 13 yóò máa fi ọjọ́ méjì dín sí i lọ́dọọdún. Lọ́dún mẹ́jọ, ó di ọjọ́ 16, ìyẹn ìtàdógún kan gééré tí wọn yóò fi kún un.

Ọmọ Oníkòkó

Ta ni yóò kéde ìtàdógún yẹn? Ìbéèrè tí ó yẹ kí ẹ kọ́kọ́ bi ara yín nìyẹn. Mo dàgbà nínú oko kòkó lẹ́yìn Iléṣà, mo sì mọ ohun tí ọjọ́ 16 lè ṣe fún ẹni tó jẹ gbèsè. Bí ìṣákọ́lẹ̀ bá tó san ní ìparí oṣù kẹtàlá, tí ọba wá ní òun kò fi ìtàdógún kún ọdún yìí, àgbẹ̀ yóò san kí iṣu rẹ̀ tó tà. Bí ó bá fi kún un, ẹni tó fi ọmọ ṣe ìwọ̀fà yóò jẹ́ kí ọmọ náà fi ọjọ́ 16 sìn sí i. Àwọn tó ń ka ọjọ́ lè máa fi ojú ọ̀run bojú, kó jẹ́ owó ni wọ́n ń kà.

Ẹ má sì jẹ́ kí ọba fọwọ́ kan ọjọ́ ọjà láé. Àwọn ará Faransé dán an wò. Ní 1793 wọ́n ṣe kàlẹ́ńdà tuntun tí ọ̀pọ̀ ọjọ́ inú rẹ̀ fi ń jẹ́ orúkọ irúgbìn, ẹran tàbí irinṣẹ́ oko. Ó wuyì, mi ò purọ́. Ṣùgbọ́n wọ́n sọ ọ̀sẹ̀ di ọjọ́ 10, ìsinmi tí òṣìṣẹ́ ń rí ní ọjọ́ keje di ọjọ́ kẹwàá. Nígbà tí 1806 fi máa bẹ̀rẹ̀, wọ́n ti pa á tì. Ìtàdógún tí ẹ fẹ́ fi kún un kò ní da ọrún rú, torí ọrún mẹ́rin ló wà nínú rẹ̀. Èyí ló jẹ́ kí n fara mọ́ àbá Tísà.

Ohun kan tún kù: àáró àti ọ̀wẹ̀. Kàlẹ́ńdà oko tí kò sí àwọn méjèèjì nínú rẹ̀, ti ẹnì kan ṣoṣo ni, kì í ṣe ti ìlú. Ẹgbẹ́ ẹni mẹ́jọ tó ń ṣe àáró, oko ọ̀kọ̀ọ̀kan yóò kàn ní ọjọ́ tirẹ̀. Bí wọ́n bá ń ṣe é ní ọjọ́ tó tẹ̀lé ọjà, oṣù kan ni yóò fi yí wọn ká tán. Ta ló máa gba ọjọ́ àkọ́kọ́ lẹ́yìn òjò? Ta ni oko rẹ̀ máa kàn gbẹ̀yìn, tí koríko á ti ga kọjá orúnkún? Ọ̀rẹ́ lè bà jẹ́ níbẹ̀, ìfẹ́ sì lè hàn níbẹ̀. Ọ̀wẹ̀ tí ọkùnrin ń ṣe fún àna rẹ̀ náà, ẹ wá oṣù fún un.

Olóko Ọ̀nà Ìkìrun

Mo ti dé. Ọmọ mi, ojú ọ̀run ni o ti bẹ̀rẹ̀, Tísà sì tún gbé ọ lọ sókè sí i. Mo fẹ́ kí o sọ̀ kalẹ̀, kí o wọ inú àká.

Bí o bá bi àgbẹ̀ pé oṣù wo la wà, kò ní kọ́kọ́ gbójú sókè. Yóò wo iṣu tó kù. Gbogbo ohun tó ń ṣe lóko, iṣu tó kù yẹn ló ń bá sọ̀rọ̀. Lọ́dọ̀ tiwa, bí òjò bá ń kásẹ̀ nílẹ̀ ní oṣù kọkànlá, a ti ń kọ ebè. Àwa kan ń gbin iṣu nígbà náà, sínú ilẹ̀ tó ń gbẹ lọ, a ó fi koríko dé orí ebè kí oòrùn má baà se èèbù jinná. Àwọn mìíràn á dúró de òjò oṣù kẹta tàbí ìkẹrin. Iṣu tuntun kò ní jáde kí oṣù keje tó dé, nígbà mìíràn oṣù kẹjọ. Ṣírò rẹ̀ wò. Láti ìgbà tí o bá ti gbìn títí dìgbà tí o máa wà, kí lo fẹ́ jẹ?

Ohun tó le jù tí mo fẹ́ kí o kọ dáadáa nìyí: èèbù oúnjẹ ni. Iṣu tí o lè sè lálẹ́ òní lo ń gé tí o ń rì mọ́lẹ̀. Mo rántí bí mo ṣe jókòó ti bàbá mi nígbà tí ó ń gé èèbù. Ebi ń pa wá. Ó ń ya iṣu sọ́tọ̀, èyí fún ilẹ̀, èyí fún ìkòkò, ó sì máa ń tún ọ̀kan gbé láti inú ti ìkòkò padà sínú ti ilẹ̀. Ìyá mi kò sọ̀rọ̀. N kò tíì rí kàlẹ́ńdà tó ní ọjọ́ yẹn nínú, bẹ́ẹ̀ sì ni n kò rò pé ọjọ́ kan wà tó tóbi jù ú lọ nínú ọdún àgbẹ̀. Fún un lórúkọ ní Omiró.

Lẹ́yìn náà, òjò ẹ̀tàn. Àkọ́rọ̀ lè rọ̀ kó kún àwo, kó rin ilẹ̀, kí ọkàn rẹ balẹ̀. Mo gba irú rẹ̀ gbọ́ lọ́dún kan, mo gbin àgbàdo sí gbogbo oko. Ọ̀sẹ̀ mẹ́ta ni òjò kò tún rọ̀. Gbogbo ohun tó hù ló rọ, mo sì tún irúgbìn rà. Láti ìgbà náà, mo máa ń dúró de ẹ̀sunsun. Bí wọ́n bá ń fò jáde lálẹ́ lẹ́ẹ̀kan, mo ń wò. Bí wọ́n bá tún jáde lẹ́yìn òjò kejì, tí ọ̀pọ̀lọ́ ń ké lábàtà, nígbà náà ni mo máa ń gbé irúgbìn jáde. Jẹ́ kí àwọn ará Omiró ní àmì bẹ́ẹ̀, ohun tí etí ń gbọ́ tí imú ń gbóòórùn. Kí ọmọ afọ́jú wà nínú ìlú tó mọ oṣù ju akọ̀wé ọba lọ.

Ìyá Alágbàdo

Ẹ kú àtàárọ̀. Bàbá, omi bọ́ lójú mi níbi iṣu tí bàbá yín gbé padà.

Òǹkọ̀wé, mo fẹ́ mọ̀ bóyá ẹ̀gẹ́ àti àgbàdo wà ní Omiró. Ẹ má rò pé ìbéèrè kékeré ni. Àwọn Pọtogí ló kó ẹ̀gẹ́ wá sí ilẹ̀ Áfíríkà láti Brazil, ilẹ̀ Amẹ́ríkà náà sì ni àgbàdo ti wá. Kí àwọn méjèèjì tó wọlé, ebi tó wà láàrin iṣu àtijọ́ àti iṣu tuntun á ti le ju ti ìsinsìnyí lọ. Ẹ̀gẹ́ kì í lé ẹnikẹ́ni. Ó lè wà nínú ilẹ̀ fún ọdún kan ààbọ̀ tí yóò máa dúró dè ọ́. Ìlú tó ní ẹ̀gẹ́ kò ní oṣù ebi bíi ti ìlú tí iṣu nìkan gbé ró. Bí ẹ bá fẹ́ kí ebi ní agbára nínú ìtàn yín, ẹ má gbin ẹ̀gẹ́ síbẹ̀.

Ṣùgbọ́n ẹ fún wọn ní ohun kan tó ń yára gbó. Àgbàdo tútù ń jáde ní bí oṣù méjì ààbọ̀ sí mẹ́ta lẹ́yìn tí a gbìn ín. Àárọ̀ tí àgbàdo àkọ́kọ́ bá dé Ọjà Ọba, ohùn àwọn èèyàn máa ń yàtọ̀. Ẹni tí kò bá ọ sọ̀rọ̀ láti oṣù méjì sẹ́yìn á dúró kí ọ. Mo ti tà á fún ogún ọdún, mo mọ ohun tí mo ń wí.

Ibi tí mo ti yàtọ̀ díẹ̀ sí Bàbá ni pé àgbẹ̀ nìkan kọ́ ló ń wo àká. Àwa ará ọjà kò ní àká. Owó tí iṣu ń gorí ni àwa fi ń mọ oṣù. Ẹ fi obìnrin kan síbẹ̀ tí kò lóko rí, tó jẹ́ pé bí òṣùwọ̀n ọkà ṣe ń kéré sí i ló fi ń sọ ọjọ́.

Aláró Ọmọ Ọ̀ṣun

Òǹkọ̀wé, o wà ní ìlú aró, o kò wá rántí aró! Ìtàn tí wọ́n fi tẹ ìlú yìí dó gan-an, omi ló bẹ̀rẹ̀ rẹ̀. Àìtó omi ló lé Láròóyè àti Tìmẹ́hìn kúrò ní Ìpólé tí wọ́n fi dé etí odò. Nígbà tí igi tí wọ́n gé wó lu omi, wọ́n gbọ́ ohùn láti ìsàlẹ̀ pé gbogbo ìkòkò aró òun ni wọ́n ti fọ́ tán. Àwọn ará Omiró náà, kí ló gbé wọn débẹ̀? Ọjọ́ tí wọ́n dé ibi omi yẹ kó wà nínú kàlẹ́ńdà wọn.

Nípa iṣẹ́ wa: ewé ẹ̀lú tó ṣẹ̀ṣẹ̀ yọ ni à ń gún, àsìkò òjò ló sì ń yọ dáadáa. A ó gún un, a ó ṣù ú, a ó sá a, á wà nílẹ̀. Ṣùgbọ́n oòrùn la fẹ́ fún aṣọ. Torí náà, a ń kó ẹ̀lú jọ nígbà tí ojú ọ̀run ṣú, a ń rẹ aṣọ nígbà tó mọ́. Aṣọ máa ń pọ̀ lọ́jà nígbà tí iṣu náà pọ̀, ìdí sì nìyẹn tí ìgbéyàwó fi ń bọ́ sí ìgbà kan náà. Tún rántí eérú. Omi eérú ni à ń lò sí aró, eérú sì ń pọ̀ nígbà tí àwọn àgbẹ̀ bá sun oko. Iṣẹ́ kan ń bọ́ iṣẹ́ kejì.

Ọdẹ Òkè

Ọ̀rọ̀ mi kò pọ̀. Òru tí òṣùpá méjèèjì kò yọ, òru ọdẹ ni. Ẹran kì í fẹ́ jáde sí gbangba nígbà tí òṣùpá bá mọ́lẹ̀. Nítorí náà, òru tí wọ́n ń gbin iṣu òkùnkùn, àwọn ọdẹ kò ní sí nílé. Ta ni yóò máa ṣọ́ àwọn tó wà lóko?

Ẹ pe òṣùpá kékeré ní Ajá Oṣù. Ẹ ṣáà mọ̀ pé àgùàlà ń bá oṣù rìn, wọ́n ṣebí ajá rẹ̀ ni. Àgùàlà kì í ṣe ajá oṣù. Ti Omiró lè jẹ́ ajá lóòótọ́.

Tísà Jọ́gíráfì

Ajá Oṣù dára púpọ̀. Ó tún mú mi ronú, mo sì jókòó ṣírò rẹ̀ lóru àná. Ẹ wò ó.

Òṣùpá ńlá ní ọjọ́ 32, Ajá Oṣù ní 20. Àwọn méjèèjì yóò pa rẹ́ lóru kan náà ní ọjọ́ 160 sí ọjọ́ 160, ìyẹn ìyípo 5 ti ńlá àti 8 ti kékeré. Ọdún sì jẹ́ 418. Ká ní òṣùpá méjèèjì pa rẹ́ pọ̀ ní alẹ́ tí ọdún kìíní bẹ̀rẹ̀, ká sì ní òjò máa ń bẹ̀rẹ̀ ní ọjọ́ 128, lẹ́yìn oṣù kẹrin, tí ó ń dá ní bí ọjọ́ 330. Àgbẹ̀ nílò òru dúdú láàrin ọjọ́ 128 àti 190 kí iṣu tó rí òjò mu.

Ní ọdún kìíní, òru dúdú bọ́ sí ọjọ́ 160. Ó dára. Wọn yóò wa iṣu ní òru dúdú tó tẹ̀lé e, ọjọ́ 320.

Ní ọdún kejì, ó bọ́ sí ọjọ́ 62, 222 àti 382. Ti 62 wà láàrin ẹ̀rùn. Ti 222 ti pẹ́ jù.

Ní ọdún kẹta, ọjọ́ 124 ni. Ọjọ́ mẹ́rin péré kí òjò tó dé. Ọrún kan!

Ní ọdún kẹrin, ọjọ́ 186. Ó bọ́ sí i, díẹ̀ ló kù kó kọjá.

Ní ọdún karùn-ún, 88 àti 248. Kò sí èyí tó dára nínú méjèèjì. Ní ọdún kẹfà, ọjọ́ 150, ara yóò tún rọ̀.

Òǹkọ̀wé, n kò mọ̀ bóyá o rí ohun tí o ti ṣe. Ìyàn Omiró wà nínú kàlẹ́ńdà wọn. Ẹni tó bá mọ ìṣirò yìí mọ ọdún tí ebi yóò pa ìlú, kí ìlú tó mọ̀.

Akọ̀wé Òròkí

Mo ka èyí tí Tísà kọ, mo dìde kúrò nídìí kọ̀ǹpútà, mo rìn títí dé ẹnu ọ̀nà Igbó Ọ̀ṣun kí n tó padà. N kò mọ̀ ọ́n. Ọdún méjì ni mo fi ń wá ìdí tí ogun yóò fi ṣẹlẹ̀ nínú ìtàn yìí, ó sì wà nínú 32 àti 20 tí mo fọwọ́ ara mi kọ.

Ọ̀rọ̀ Ọmọ Oníkòkó náà ti bọ́ sí ipò rẹ̀. Àwọn akọ̀wé ọba mọ ọdún kejì àti ọdún karùn-ún. Wọ́n ń ra iṣu pamọ́ ní ọdún tó ṣáájú, nígbà tó ṣì pọ̀, obìnrin ọjà tí kò lóko ni yóò sì kọ́kọ́ fura, torí òṣùwọ̀n yóò kéré ní oṣù tí kò yẹ kó kéré.

Ẹ jọ̀wọ́ Bàbá, bí ẹ bá jẹ́ àgbẹ̀ ní Omiró ní ọdún kejì, èwo lẹ ó mú, ọjọ́ 62 tàbí 222?

Olóko Ọ̀nà Ìkìrun

222. Èèbù tó bá wọ ilẹ̀ ní ọjọ́ 62 yóò fi ọjọ́ 66 dúró de òjò nínú ooru. Koríko kò lè bò ó tó bẹ́ẹ̀. Ti 222 yóò rí òjò fún ọjọ́ 108 kí ó tó dá. Iṣu rẹ̀ á kéré, ilẹ̀ á ti le nígbà tí wọ́n bá fẹ́ wà á ní 382, ọ̀pọ̀ ni ọkọ́ á gé sí méjì. Ṣùgbọ́n wọn á rí èèbù ọdún tó ń bọ̀. Ẹni tó bá pàdánù èèbù, kì í ṣe ọdún kan ló pàdánù.

Ìṣòro ibẹ̀ ni pé láti ọjọ́ 62 títí dé 222, wọ́n gbọ́dọ̀ máa wo èèbù náà nínú àká kí wọ́n má jẹ ẹ́. Ọjọ́ 160. Pẹ̀lú ọmọ nínú ilé.

Ìyá Alágbàdo

Àwọn kan yóò jẹ ẹ́, Bàbá. Ẹ má jẹ́ kó jẹ́ èèyàn burúkú ló jẹ ẹ́, òǹkọ̀wé. Kó jẹ́ ìyá kan tó nífẹ̀ẹ́ ọmọ rẹ̀.

Ọmọ Oníkòkó

Nípa ọdún kẹta, ọjọ́ 124: ọ̀wẹ̀ ni. Oko ẹnì kan kò lè rí koríko tó ní ọ̀wọ́n ẹ̀rùn. Kí gbogbo ìlú jáde kó koríko fún ara wọn ní ọrún kan yẹn, kí wọ́n má béèrè pé ìdílé ta ni.

Akọ̀wé Òròkí

Mo ti tún un tò. Ẹ wo ibi tó dé báyìí.

Ìgbà mẹ́ta ni ọdún Omiró ní: Àká-Kún, Àká-Dín, Àká-Ṣófo. Àká-Kún bẹ̀rẹ̀ ní oṣù kọkànlá nígbà tí iṣu tuntun ti wọlé, ó sì lọ títí wọ oṣù kejì ọdún tuntun. Ìgbà náà ni ìgbéyàwó, aró àti ọ̀wẹ̀ àna. Àká-Dín ni oṣù kẹta sí ìkarùn-ún: wọ́n ń sun oko, wọ́n ń kọ ebè, eérú ń lọ sọ́dọ̀ àwọn aláró. Oṣù karùn-ún ń jẹ́ Ẹ̀sunsun, torí kò sí ẹni tó gbọdọ̀ gbin ọkà kí ẹ̀sunsun tó jáde lẹ́ẹ̀mejì. Ọjọ́ tí wọ́n ń gé èèbù ń jẹ́ Ọjọ́ Ìdákẹ́. Ẹnikẹ́ni kì í sọ̀rọ̀ nínú ilé lọ́jọ́ náà títí iná yóò fi kú. Àká-Ṣófo bẹ̀rẹ̀ ní oṣù kẹfà, tó ń jẹ́ Fọwọ́lẹ́rán. Oṣù keje, ọkà àkọ́kọ́ á dé ọjà, orúkọ rẹ̀ ni Dúró-Kí-Mi. Ẹ̀bùn Ìyá Alágbàdo nìyẹn.

Ọdẹ kan gbọ́dọ̀ dúró nílé ní gbogbo òru dúdú láti ṣọ́ àwọn tó ń gbìn, wọ́n sì ń fi itan ẹran sílẹ̀ fún un. Ẹni mẹ́jọ mẹ́jọ ni wọ́n ń ṣe àáró. Afọ́jú tó mọ oṣù ti wà níbẹ̀, ọmọbìnrin ni, imú ni ó fi ń mọ ìgbà tí afẹ́fẹ́ bá ti yí padà láti orí adágún.

Ìdájí òní ni mo bẹ̀rẹ̀ orí kìíní lákọ̀tun. Ọdún kejì ni mo ti bẹ̀rẹ̀ rẹ̀, ọjọ́ 61, ìrọ̀lẹ́. Ìyá kan jókòó sẹ́nu àká, ó ń ka èèbù. Ọmọ rẹ̀ dúró lẹ́yìn rẹ̀, ó ní ta ló máa mọ̀ bí a bá jẹ ọ̀kan péré.

Olóko Ọ̀nà Ìkìrun

Èèbù mélòó ló kà?

Akọ̀wé Òròkí

Ogójì, Bàbá.

Olóko Ọ̀nà Ìkìrun

Fi mẹ́jọ kún un. Yóò fi wọ́n rọ́pò èyí tó máa jẹrà nínú àká, kí ogójì lè kù di ọjọ́ 222.